Ilé Tí Ó Pa Àṣírí Mọ́: Ìtàn Ìhà Tí Àwọn Òǹkàwé Kọ sí Rebecca, Ìwé Daphne du Maurier, láti Ọdún 1938

Àṣamọ̀

Ní oṣù Ògọ́sítì ọdún 1938 ni ilé-iṣẹ́ ìtẹ̀wé Victor Gollancz ní Lọ́ńdọ̀nù gbé Rebecca jáde, ìwé ìtàn àròsọ tí Daphne du Maurier kọ nípa ilé ńlá kan tí àṣírí ikú ìyàwó ilé fara sin sí. Iṣẹ́ yìí tọpa ìhà tí àwọn òǹkàwé kọ sí ìwé náà láti ìgbà tí ó ti jáde títí di àkókò tiwa. Tíọ́rì ìtẹ́wọ́gbà lítíréṣọ̀ tí Hans Robert Jauss gbé kalẹ̀ ni a fi ṣe òpó. Àbájáde iṣẹ́ wa fi hàn pé ìran kọ̀ọ̀kan ni ó tún ẹjọ́ inú ìwé náà gbọ́. Ọ̀pọ̀ àwọn òǹkàwé àkọ́kọ́ gba ẹ̀rí ọkọ tí ó pa ìyàwó rẹ̀ gbọ́. Àwọn òǹkàwé ìkẹyìn sì ń béèrè ohun tí òkú ìbá sọ. A gba àwọn olùkọ́ lítíréṣọ̀ níyànjú pé kí wọ́n fi ìyàtọ̀ yìí kọ́ akẹ́kọ̀ọ́ bí a ṣe ń yẹ ẹ̀rí asọ̀tàn wò kí a tó dá ẹjọ́.

Ìfáárà

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ohun tí ó wà lẹ́yìn ẹẹ́fà ju èje lọ. Òwe yìí bá irú ìtàn àròsọ kan mu rẹ́gí, èyí tí ó ń kó òǹkàwé láyà sókè láìjẹ́ pé ìbọn ń dún ní ojú ìwé kọ̀ọ̀kan, tàbí pé ọlọ́pàá ń lé olè kiri. Ẹ̀rù inú irú ìtàn bẹ́ẹ̀ kì í ti òde wọlé. Inú ọkàn ẹ̀dá-ìtàn ni ó ti ń sun jáde, ilé ni ó sì sábà máa ń jẹ́ ibùdó rẹ̀. Èyí kò yẹ kí ó ya Yorùbá lẹ́nu, nítorí pé lójú tiwa, ilé kì í ṣe ògiri àti òrùlé lásán. Àwọn tí ó ń gbé inú rẹ̀ àti àwọn tí ó ti kú síbẹ̀ ni ó ń jẹ́ ilé. Ìyàwó tí ó bá wọ ilé tí kò mọ̀ rí, tí ó rí i pé gbogbo ènìyàn dákẹ́ nígbà tí òun wọlé, ti mọ̀ pé ọ̀rọ̀ kan wà nílẹ̀ tí wọn kò fẹ́ kí òun gbọ́.

Rebecca jẹ́ ọ̀kan lára àwọn ìwé tí ó fi ẹsẹ̀ irú ìtàn yìí múlẹ̀ ní ọ̀rúndún ogún. Kò tíì sí ìgbà kan tí wọ́n dáwọ́ títẹ̀ rẹ̀ dúró láti ọdún 1938. Àmọ́ ohun tí ó jẹ wá lógún nínú iṣẹ́ yìí kì í ṣe iye ẹ̀dà tí ó tà. Ìbéèrè wa ni èyí: báwo ni ó ṣe jẹ́ pé ìwé tí ọkọ ti yìnbọn pa ìyàwó rẹ̀, tí ó sì gbé òkú rẹ̀ jù sínú òkun, di ìwé tí ọ̀pọ̀ òǹkàwé ń pè ní ìtàn ìfẹ́? Ta ni ó sọ wọ́n di alágbàwí apànìyàn? Ìgbà wo sì ni ojú àwọn òǹkàwé mìíràn là sí i?

Tíọ́rì Tí A Lò

Ní Yunifásítì Konstanz, ní orílẹ̀-èdè Jámánì, ni Hans Robert Jauss ti sọ àsọyé rẹ̀ tí ó gbajúmọ̀ ní ọdún 1967. Ó ní ìtàn lítíréṣọ̀ kì í ṣe ìtàn àwọn òǹkọ̀wé àti ìwé wọn nìkan; ìtàn àwọn tí ó kà á ni pẹ̀lú. Lójú Jauss, kò sí òǹkàwé tí ó ń ṣí ìwé pẹ̀lú ọkàn òfìfo. Ó ti ka ìwé mìíràn ṣáájú, ó ní àṣà, ó ní ìlànà ìwà rere, ó sì ní ohun tí ó ń retí. Àpapọ̀ nǹkan wọ̀nyí ni a pè ní gbèdéke ìrètí òǹkàwé nínú iṣẹ́ yìí. Bí àkókò bá ti ń yí, gbèdéke náà ń yí, ìtumọ̀ ìwé a sì yí pẹ̀lú rẹ̀.

Wolfgang Iser, tí òun àti Jauss jọ ṣiṣẹ́ ní Konstanz, fi kún un pé ìwé ìtàn máa ń ní àlàfo, ìyẹn ibi tí òǹkọ̀wé dákẹ́ sí. Òǹkàwé ni ó ń fi ìrònú ara rẹ̀ dí àlàfo náà. Èrò yìí wúlò púpọ̀ fún Rebecca, nítorí pé àlàfo rẹ̀ kì í ṣe kékeré. Asọ̀tàn rẹ̀ kò ní orúkọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ẹni tí ó ni orúkọ tí a fi pe ìwé sì ti kú kí ìtàn tó bẹ̀rẹ̀. A kò gbọ́ ohùn rẹ̀ bí kò ṣe láti ẹnu ẹlòmíràn.

Òǹkọ̀wé àti Ìpilẹ̀ Ìwé Náà

Ọjọ́ 13 oṣù Márùn-ún ọdún 1907 ni wọ́n bí Daphne du Maurier ní Lọ́ńdọ̀nù. Òṣèré orí ìtàgé ni Gerald bàbá rẹ̀. Òǹkọ̀wé ni George bàbá-bàbá rẹ̀, ẹni tí ó kọ Trilby. Ní ọdún 1932 ni ó fẹ́ Frederick Browning, ọ̀gá ọmọ-ogun ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Jamaica Inn, ìwé rẹ̀ tí ó jáde ní ọdún 1936, ti sọ ọ́ di gbajúmọ̀ kí ó tó kọ Rebecca.

Ìlú Alẹkisáńdíríà ní Íjíbítì, níbi tí wọ́n gbé ọkọ rẹ̀ lọ fún iṣẹ́ ológun, ni ó ti bẹ̀rẹ̀ ìwé náà ní ọdún 1937. Ooru mú un, àárò Cornwall sì ń sọ ọ́. Ó ya àwọn ojú ìwé tí ó kọ́kọ́ kọ dànù, ó tún bẹ̀rẹ̀, ó sì parí rẹ̀ lẹ́yìn tí ó padà sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Nǹkan méjì ni ó wà lọ́kàn rẹ̀. Èkíní ni Menabilly, ilé àtijọ́ kan nítòsí ìlú Fowey tí igbó bò, tí du Maurier máa ń yọ́ lọ wò nígbà èwe rẹ̀. Èkejì ni owú. Ọkọ rẹ̀ ti ní àfẹ́sọ́nà kan rí kí ó tó fẹ́ ẹ, ọ̀rọ̀ obìnrin náà kò sì kúrò lọ́kàn Daphne. Láti inú ilé àti owú yìí ni Manderley ti jáde, ìyẹn ilé inú ìwé náà. Ní ọdún 1943, lẹ́yìn tí ìwé náà ti sọ ọ́ di olówó, ó háyà Menabilly gan-an, ó sì gbé inú rẹ̀ títí di ọdún 1969.

Àkóónú Ìtàn ní Ṣókí

Ọ̀dọ́mọbìnrin kan tí kò lówó, tí ó ń bá obìnrin olówó ará Amẹ́ríkà kan rìnrìn àjò, pàdé Maxim de Winter ní Monte Carlo. Ìyàwó Maxim, Rebecca, ti kú. Gbogbo ènìyàn gbà pé omi ni ó gbé e lọ. Maxim fẹ́ ọ̀dọ́mọbìnrin yìí kíákíá, ó sì mú un lọ sí Manderley. Níbẹ̀ ni ìyàwó tuntun ti rí i pé gbogbo nǹkan inú ilé ṣì jẹ́ ti Rebecca: yàrá, aṣọ, lẹ́tà orúkọ tí wọ́n ṣe sára nǹkan, títí kan àṣẹ tí àwọn òṣìṣẹ́ ń tẹ̀lé. Ìyáàfin Danvers, alábòójútó ilé, ni ó ń ṣọ́ ohun ìní olóògbé náà. Nígbà tí wọ́n fẹ́ ṣe àsè ijó, ó tan ìyàwó tuntun láti wọ irú aṣọ tí Rebecca wọ kẹ́yìn ní irú àsè bẹ́ẹ̀. Lẹ́yìn èyí ni ó dúró tì í lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, tí ó ń rọ̀ ọ́ pé kí ó bẹ́ sílẹ̀ kí ó kú.

Bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a. Ọkọ̀ òkun kan gúnlẹ̀ sórí àpáta nítòsí Manderley. Òmùwẹ̀ tí ó lọ yẹ̀ ẹ́ wò rí ọkọ̀ Rebecca ní ìsàlẹ̀ omi, òkú sì wà nínú rẹ̀. Maxim jẹ́wọ́ fún ìyàwó rẹ̀ pé òun ni òun yìnbọn pa Rebecca, nítorí pé ó ń ṣe àgbèrè, ó sì sọ fún òun pé òun ti lóyún fún ọkùnrin mìíràn. Ilé-ẹjọ́ tí ó wádìí ohun tí ó fa ikú náà ní Rebecca ni ó pa ara rẹ̀. Favell, ìbátan àti àlè Rebecca, kò gbà. Ó fẹ́ gbowó lọ́wọ́ Maxim. Níkẹyìn ni dókítà kan ní Lọ́ńdọ̀nù ṣàlàyé pé Rebecca kò lóyún. Àrùn jẹjẹrẹ ni ó ń ṣe é, kò sì lè bímọ láéláé. Maxim bọ́. Ṣùgbọ́n bí tọkọtaya náà ṣe ń wakọ̀ bọ̀ wálé lóru, wọ́n rí ojú ọ̀run tí ó pọ́n: Manderley ń jó.

Ìgbà Àkọ́kọ́: Ìtàn Ìfẹ́ Tàbí Ìtàn Owú?

Ìwé náà tà bí ẹni pé wọ́n ń fi ta ọrẹ. Gollancz kọ́kọ́ tẹ 20,000 ẹ̀dà, kò sì tó oṣù kan tí ó fi tà ju iye náà lọ. Ní Amẹ́ríkà, àwọn olùtàwé fi àmì-ẹ̀yẹ dá a lọ́lá gẹ́gẹ́ bí ìtàn àròsọ tí wọ́n fẹ́ràn jù ní ọdún 1938. Àwọn lámèyítọ́ kò fi bẹ́ẹ̀ yìn ín tó bí àwọn tí ó ń fi owó rà á. Àwọn kan nínú wọn gbà pé ó mọ ìtàn sọ, ṣùgbọ́n wọ́n kà á sí ìwé tí àwọn obìnrin ń kà fún ìgbádùn, tí yóò sì di ìgbàgbé láìpẹ́. Àwọn mìíràn rántí Jane Eyre tí Charlotte Brontë kọ ní ọdún 1847, nítorí pé nínú ìwé méjèèjì ni ọ̀dọ́mọbìnrin tálákà ti fẹ́ onílé ńlá, tí ìyàwó àkọ́kọ́ fara sin, tí iná sì jó ilé.

Gbèdéke ìrètí ni ó ń ṣiṣẹ́ níbí. Ilé-iṣẹ́ ìtẹ̀wé polówó rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ìtàn ìfẹ́, àwọn òǹkàwé sì mú ohun tí wọ́n mọ̀ nípa ìtàn ìfẹ́ wá sídìí rẹ̀. Nínú irú ìtàn bẹ́ẹ̀, ọkọ tí ó dákẹ́, tí ojú rẹ̀ le, gbọ́dọ̀ ní ọgbẹ́ kan ní àyà, iṣẹ́ ìyàwó sì ni láti wò ó sàn. Nítorí náà, nígbà tí Maxim jẹ́wọ́, ohun tí ọ̀pọ̀ gbọ́ kì í ṣe pé ó pa ènìyàn. Ohun tí wọ́n gbọ́ ni pé kò fẹ́ràn Rebecca rí. Ohun kan náà ni asọ̀tàn gbọ́, inú rẹ̀ sì dùn. Èyí kò tẹ́ du Maurier lọ́rùn. Ó ṣàlàyé léraléra pé ìwé nípa owú ni òun kọ, pé kì í ṣe ìtàn ìfẹ́. Àmọ́ bí ìwé bá ti jáde, òǹkọ̀wé náà ti di ọ̀kan lára àwọn òǹkàwé rẹ̀. Ohùn tirẹ̀ nìkan kò tó láti pa ohùn ìyókù.

Sinimá, Ogun àti Ilé-Ẹjọ́

Ní ọdún 1940 ni Alfred Hitchcock sọ ìwé náà di sinimá, David O. Selznick ni ó sì ná owó lé e. Laurence Olivier ṣe Maxim, Joan Fontaine ṣe ìyàwó tuntun, Judith Anderson sì ṣe Ìyáàfin Danvers. Sinimá náà gba àmì-ẹ̀yẹ Oscar gẹ́gẹ́ bí fíìmù tí ó peregedé jù lọ fún ọdún náà. Ohun tí ó kàn wá jù ni ìyípadà kan tí wọ́n ṣe. Òfin ìwà rere tí àwọn ilé-iṣẹ́ fíìmù Amẹ́ríkà ń tẹ̀lé nígbà náà kò gbà kí apànìyàn lọ láìjìyà. Nítorí náà, nínú sinimá, Rebecca fúnra rẹ̀ ni ó kọsẹ̀, tí ó ṣubú, tí ó sì forí gbá irin. Maxim kàn gbé òkú pamọ́ ni. Ọ̀rọ̀ yìí gba àkíyèsí. Àwọn alábòójútó òfin náà jẹ́ òǹkàwé, wọ́n sì ka ìwé náà dáadáa ju ọ̀pọ̀ lọ: wọ́n rí i pé ìpànìyàn ni. Ṣùgbọ́n kàkà kí wọ́n jẹ́ kí àwọn òǹwòran dá ẹjọ́ náà, ṣe ni wọ́n mú ẹ̀ṣẹ̀ kúrò lọ́rùn ọkọ. Láti ìgbà náà ni ọ̀pọ̀ ènìyàn tí kò ka ìwé ti mọ Maxim sí aláìmọwọ́mẹsẹ̀.

Ogun Àgbáyé Kejì kò dá ìwé náà dúró. Wọ́n ń ṣe é ní eré orí ìtàgé ní Queen's Theatre ní Lọ́ńdọ̀nù ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1940 nígbà tí bọ́ǹbù Jámánì ba ilé eré náà jẹ́. Ọdún 1959 ni wọ́n tó tún un ṣí. Ní ìlú Káírò ní ọdún 1942, àwọn amí Jámánì mú ẹ̀dà Rebecca dání láti fi pa àrokò. Ìdí rẹ̀ kò ṣòro: ìwé tí ó wà nílé gbogbo ènìyàn kì í fu ẹnikẹ́ni lára. Ìwé tí ó dá lórí àṣírí ti di ohun tí a fi ń pa àṣírí mọ́.

Àwọn òǹkàwé kan sì di ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́. Ní Amẹ́ríkà, Edwina MacDonald, tí ó kọ ìwé tí ó ń jẹ́ Blind Windows, fẹ̀sùn kàn pé du Maurier jí iṣẹ́ òun kọ. Olùpẹjọ́ náà kú kí ẹjọ́ tó parí, àwọn ènìyàn rẹ̀ sì ń bá a lọ. Ní ọdún 1947, du Maurier wọkọ̀ òkun lọ sí New York láti jẹ́rìí, ó sì gbé ìwé àkọsílẹ̀ tí ó fi pète Rebecca síwájú ilé-ẹjọ́. Adájọ́ dá a láre ní ọdún 1948. Ìwé àkọsílẹ̀ náà ni wọ́n tẹ̀ jáde ní ọdún 1981.

Ní Brazil, àríyànjiyàn náà kò dé ilé-ẹjọ́, ṣùgbọ́n ó pẹ́ ju ìyẹn lọ. Carolina Nabuco ti kọ A Sucessora ní ọdún 1934, nípa ọ̀dọ́mọbìnrin kan tí ó fẹ́ opó ọkùnrin olówó, tí àwòrán ìyàwó tí ó kú sì ń dà á láàmú nínú ilé. Ọmọ Joaquim Nabuco ni Carolina. Bàbá rẹ̀ yìí wà lára àwọn tí ó léwájú nínú ìjàkadì tí ó fòpin sí ìsìnrú ní Brazil ní ọdún 1888, ìjàkadì tí ó kan àwọn àtọmọdọ́mọ Yorùbá tí ó wà ní Bahia. Àwọn òǹkàwé Brazil rí ìjọra ìwé méjèèjì, wọ́n sì pariwo rẹ̀. Du Maurier sẹ́. Nabuco kò pẹjọ́, ṣùgbọ́n ìwé rẹ̀ kò kú: ní ọdún 1978 ni wọ́n sọ ọ́ di eré àtìgbàdégbà lórí tẹlifíṣọ̀n Globo. Ohun tí a rí kọ́ níbí ni pé ibi tí òǹkàwé jókòó sí ni ó ń pinnu ìwé tí yóò kọ́kọ́ rántí. Lámèyítọ́ Lọ́ńdọ̀nù rántí Jane Eyre. Òǹkàwé Rio de Janeiro rántí ọmọ ilé rẹ̀.

Àwọn Obìnrin Tún Ẹjọ́ Náà Gbọ́

Láti nǹkan bí ọdún 1960, àwọn ilé-iṣẹ́ ìtẹ̀wé Amẹ́ríkà bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ ọ̀wọ́ ìwé olówó pọ́ọ́kú tí ó tẹ̀lé ipa Rebecca. Ẹ̀yìn ìwé wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ jọra pátá: ọ̀dọ́mọbìnrin kan ń sá lóru, ilé ńlá wà lẹ́yìn rẹ̀, iná kan ṣoṣo sì ń tàn ní fèrèsé. Ní Íńdíà, wọ́n sọ ìtàn náà di sinimá Kohraa ní ọdún 1964. Ní ọdún 1973, Joanna Russ kọ àpilẹ̀kọ kan nípa ọ̀wọ́ ìwé olówó pọ́ọ́kú wọ̀nyí. Ó tọ́ka sí i pé ẹ̀rù tí ó ń ba obìnrin inú wọn kì í ṣe ti iwin, bí kò ṣe ti ọkọ rẹ̀. Èyí jẹ́ ìyípadà ńlá. Ilé tí a rò pé òkú obìnrin ni ó ń dẹ́rù bani nínú rẹ̀, ọkùnrin alààyè gan-an ni ẹ̀rù rẹ̀.

Àwọn onítíọ́rì ìṣègbèfábo gbé ọ̀rọ̀ náà síwájú. Alison Light, nínú àpilẹ̀kọ tí ó kọ sí Feminist Review ní ọdún 1984, wo ìdí tí asọ̀tàn fi bẹ̀rù Rebecca, tí ó sì tún ń fẹ́ láti dà bí i rẹ̀. Ó so ọ̀rọ̀ obìnrin pọ̀ mọ́ ọ̀rọ̀ ipò láwùjọ: ọmọ mẹ̀kúnnù tí ó wọ ilé ọlọ́lá kò mọ irú obìnrin tí ó yẹ kí òun jẹ́. Avril Horner àti Sue Zlosnik náà kọ ìwé kan ní ọdún 1998 tí ó fi du Maurier sáàárín àwọn òǹkọ̀wé ìtàn ẹlẹ́rù tí ó yẹ kí a fi ojú pàtàkì wò. Ìwé tí àwọn kan ti sọ pé yóò di ìgbàgbé ti wọ yunifásítì.

Àwọn òǹkàwé mìíràn kò fi mọ sí lámèyítọ́; wọ́n mú kálàmù fúnra wọn. Susan Hill kọ Mrs de Winter ní ọdún 1993 láti sọ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sí tọkọtaya náà lẹ́yìn iná. Sally Beauman kọ Rebecca's Tale ní ọdún 2001, níbi tí Rebecca ti rí àyè sọ tẹnu rẹ̀. Bí a bá fi ọ̀rọ̀ Iser wò ó, àwọn wọ̀nyí ti sọ àlàfo inú ìwé di odindi ìwé. Nígbà tí BBC ní kí àwọn ará ìlú dárúkọ ìwé tí wọ́n fẹ́ràn jù ní ọdún 2003, Rebecca ni ó gba ipò 14. Ní ọdún 2020 ni Netflix tún gbé sinimá tuntun jáde láti inú rẹ̀.

Bí Ìwé Ṣe Sọ Òǹkàwé Di Alágbàwí

Kí ni ó wà nínú ìwé náà tí ó fi ṣeé kà sí ọ̀nà méjì tí ó tako ara wọn báyìí? A tọ́ka sí ọgbọ́n mẹ́ta.

Àkọ́kọ́ ni ojú asọ̀tàn. Ojú rẹ̀ nìkan ni a fi ń ríran, ó sì fẹ́ràn ẹni tí ó ń ròyìn rẹ̀ fún wa. Ìtìjú rẹ̀ di ìtìjú wa. Nígbà tí a bá fi dé ibi ìjẹ́wọ́, a ti bá a jìyà tó bẹ́ẹ̀ tí ìtura rẹ̀ fi di ìtura tiwa.

Èkejì ni ètò ìtàn. Kí a tó mọ̀ pé Maxim pànìyàn, a ti kọ́kọ́ kórìíra Ìyáàfin Danvers. Òun nìkan ṣoṣo sì ni ó ń ṣọ̀fọ̀ Rebecca tọkàntọkàn. Òǹkọ̀wé ti fi ọ̀fọ̀ sí ọwọ́ ẹni tí a kò lè bá kẹ́dùn.

Ẹ̀kẹta ni ọ̀rọ̀ dókítà. Àrùn jẹjẹrẹ tí ó ń ṣe Rebecca mú kí ó dà bí ẹni pé ikú tí ó ti ń bọ̀ ni Maxim kàn mú yá. Ọ̀gágun Julyan, adájọ́ àdúgbò, dà bí ẹni tí ó fura, ṣùgbọ́n ó dákẹ́. Ọlọ́lá bo ọlọ́lá láṣìírí. Ben, tí ó ń rìn káàkiri etíkun, mọ nǹkan, ṣùgbọ́n ó ń bẹ̀rù kí wọ́n má gbé òun lọ sí ilé àwọn wèrè.

A gbọ́dọ̀ ṣe òdodo síbẹ̀. Kì í ṣe Maxim nìkan ni ó sọ pé Rebecca kò ṣeé gbẹ́kẹ̀ lé. Ben bẹ̀rù rẹ̀, Ìyáàfin Danvers fúnra rẹ̀ sì fi yangàn pé Rebecca kàn ń fi àwọn ọkùnrin ṣe yẹ̀yẹ́ ni. Òǹkàwé tí ó bá sọ Rebecca di ẹni mímọ́ ti kọjá ohun tí ìwé sọ. Ṣùgbọ́n ìwà burúkú òkú kò sọ ìpànìyàn di ohun tí ó tọ́. Ní pàtàkì, àlàyé ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní alẹ́ tí Rebecca kú, ẹnu apànìyàn nìkan ni a ti gbọ́ ọ. Àwọn àgbà sì ti sọ pé agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni.

Ìwúlò Rẹ̀ fún Olùkọ́

Akẹ́kọ̀ọ́ Yorùbá tí ó bá ka Rebecca yóò mú gbèdéke ìrètí tirẹ̀ wá. Bí ó bá ti bá Lápàdé rìn nínú Àjà Ló Lẹrù (1969) tí Ọládẹ̀jọ Òkédìjí kọ, tàbí tí ó ti ka àwọn ìtàn ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ Kọ́lá Akínlàdé, yóò máa retí ẹni tí yóò tú àṣírí náà síta gbangba. Nínú Rebecca, kò sí irú ẹni bẹ́ẹ̀. Òǹkàwé ni ó gbọ́dọ̀ ṣe ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́. Bákan náà, ẹni tí ó mọ ọ̀rọ̀ ìyálé àti ìyàwó yóò rí ohun tí òǹkàwé Lọ́ńdọ̀nù lè má rí: pé ìyàwó tuntun yìí ń bá orogún tí kò lè dáhùn jà, ọkọ tí ó sì yẹ kí ó là wọ́n dákẹ́.

A dábàá pé kí olùkọ́ sọ kíláàsì di ilé-ẹjọ́. Kí àwọn kan gbèjà Maxim, kí àwọn mìíràn sọ̀rọ̀ fún Rebecca, kí olúkúlùkù sì tọ́ka sí ibi tí ẹ̀rí rẹ̀ wà nínú ìwé. Olùkọ́ kò gbọdọ̀ kọ́kọ́ sọ ẹni tí ó jàre. Ohun tí yóò máa béèrè ni: ta ni ó sọ bẹ́ẹ̀? Kí ni yóò jẹ ní èrè bí a bá gbà á gbọ́? Ta ni kò rí àyè sọ̀rọ̀? Ẹni tí ó bá kọ́ láti bi asọ̀tàn ní ìbéèrè wọ̀nyí yóò mọ bí a ṣe ń bi ìwé ìròyìn, olóṣèlú àti aládùúgbò rẹ̀. Ìgbà gbogbo ni obìnrin ń kú nínú ilé ọkọ, tí àwọn ará ilé sì ń sọ pé ìwà rẹ̀ ni ó fà á. Akẹ́kọ̀ọ́ tí kò kọ́ bí a ṣe ń yẹ irú ẹ̀rí bẹ́ẹ̀ wò nínú ìwé kò ní mọ̀ ọ́n yẹ̀ wò lójú ayé.

Ìgúnlẹ̀

Nínú iṣẹ́ yìí, a ti rí i pé láàárín ohun tí ó lé ní ọgọ́rin ọdún, Rebecca ti di ìtàn ìfẹ́, sinimá tí òfin tún ṣe, ìwé àrokò, ẹ̀rí nílé-ẹjọ́, àti ìwé ẹ̀kọ́ nípa ipò obìnrin. Ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ kò yí padà. Àwọn tí ó kà á ni ó yí. Yorùbá ní ilé ọba tí ó jó, ẹwà ni ó bù sí i. A kò rí i nínú ìwé náà pé ẹnikẹ́ni tún Manderley kọ́. Ọkàn àwọn òǹkàwé ni wọ́n ti ń tún un kọ́ láti ìran dé ìran, àwọn tí ó sì kọ́ ọ kẹ́yìn ti fi yàrá kan sílẹ̀ fún Rebecca kí òun náà lè sọ tẹnu rẹ̀. Iṣẹ́ olùkọ́ ni láti mú akẹ́kọ̀ọ́ dé ẹnu ọ̀nà yàrá náà, kí ó sì jẹ́ kí wọ́n fi ọwọ́ ara wọn ṣí i.